Kíláàsì Ìwé Àfọwọ́kọ Bíbélì ní Bódìjà: Ó Tó Owó Rẹ̀, Àmọ́ Ó Ku Díẹ̀ Káàtó

Kíláàsì kan wà ní Bódìjà, nílùú Ìbàdàn, tí wọ́n máa ń ṣe láràárọ̀ ọjọ́ Àbámẹ́ta fún ọ̀sẹ̀ mẹ́wàá, níbi tí wọ́n ti ń kọ́ àwọn tí kì í ṣe akẹ́kọ̀ọ́ yunifásítì ní ọ̀nà tí àwọn onímọ̀ ń gbà yẹ ìwé mímọ́ àtijọ́ ti àwọn Júù àti ti àwọn Kristẹni wò. ₦40,000 ni wọ́n ń gbà. Ìwé ìléwọ́ wà nínú owó náà, bẹ́ẹ̀ ni ìpápánu àárín kíláàsì. N kò ní dárúkọ àwọn tó gbé e kalẹ̀, nítorí pé ẹ̀sùn díẹ̀ wà tí mo fẹ́ kà sí wọn lẹ́sẹ̀, n kò sì fẹ́ kí ó dà bí ẹni pé mo fẹ́ ba ọjà wọn jẹ́. Ẹni tó bá ń gbé ládùúgbò náà, tí ó sì fẹ́ràn irú ẹ̀kọ́ bẹ́ẹ̀, yóò ti mọ ẹni tí mò ń bá wí.

Ẹ jẹ́ kí n kọ́kọ́ sọ ohun tí kíláàsì yìí kì í ṣe. Kì í ṣe ilé ẹ̀kọ́ ọjọ́ ìsinmi, kì í ṣe ilé ẹ̀kọ́ àwọn pásítọ̀, wọn kì í sì í fúnni ní ìwé ẹ̀rí kankan tí èèyàn lè gbé kọ́ ara ògiri. Kò sí ẹni tí yóò ní kí ẹ jáde wá síwájú kí ẹ fi ayé yín fún Olúwa, kò sì sí ẹni tí yóò sọ fún yín pé irọ́ ni Bíbélì. Ìbéèrè tí wọ́n ń béèrè níbẹ̀ rọrùn lẹ́nu, ṣùgbọ́n ó le láti dáhùn: ìwé tó wà lọ́wọ́ wa yìí, ta ló kọ ọ́, ìgbà wo ló kọ ọ́, ta ló dà á kọ, kí ló sì ṣẹlẹ̀ sí i lójú ọ̀nà kí ó tó dé ọ̀dọ̀ wa? Mo gbà pé àwọn olùkọ́ náà ṣe dáadáa gan-an lórí ìwé àfọwọ́kọ àti lórí àwọn Ìhìnrere, wọ́n ṣe é bákan ṣá lórí ìwé Mósè márùn-ún, wọ́n sì jẹ wá ní gbèsè kan tí n óò sọ níwájú.

Ohun tó dára jù lọ nínú ẹ̀kọ́ náà wáyé ní ọ̀sẹ̀ kejì, kò sì ná wọn ju bébà àti báírò lọ. Olùkọ́ wa, obìnrin kan tó ti gboyè ọ̀mọ̀wé tí gbogbo wa ń pè ní Dókítà, ní kí a ṣí Bíbélì Yorùbá sí Orin Dáfídì orí 136, kí a dà á kọ láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin, kí ẹni tó bá sì kọ tirẹ̀ tán gbé e fún ẹni tó jókòó tẹ̀ lé e, kí ìyẹn náà dà á kọ láti inú ohun tí a ṣẹ̀ṣẹ̀ kọ, láìwo inú Bíbélì mọ́. Ẹsẹ 26 ni orin náà ní, gbogbo wọn ló sì parí sí gbólóhùn kan náà, "nítorí tí àánú rẹ̀ dúró láéláé." Nígbà tí a máa fi kà wọ́n wò, ẹ̀dà kẹta ti sọ ẹsẹ mélòó kan nù. Kò sí ẹni tó mọ̀ọ́mọ̀ yọ nǹkan kan kúrò. Ojú ẹni tó ń kọ̀wé kúrò lórí ẹ̀dà tó ń wò kí ó lè rí ibi tí ọwọ́ rẹ̀ dé. Nígbà tí ojú náà padà, orí "láéláé" mìíràn tó wà nísàlẹ̀ ló balẹ̀ sí, ó sì ń bá iṣẹ́ lọ ní tirẹ̀. Bàbá kan tó ti fẹ̀yìn tì lẹ́nu iṣẹ́ ìjọba fi Síhónì ọba àwọn ará Ámórì sílẹ̀ pátápátá. Màmá tó gba ìwé lọ́wọ́ rẹ̀ rí i pé ọ̀rọ̀ náà kò lọ déédéé mọ́, ló bá fi ọ̀rọ̀ tirẹ̀ tún un ṣe kí ó lè dùn ún kà. Dókítà rẹ́rìn-ín, ó ní, "Ẹ ṣeun o, Màmá. Ohun tí ẹ ṣe yẹn gan-an la ó máa wá kiri nínú ọ̀sẹ̀ tó kù."

Ó sì wá a kiri lóòótọ́. Láti orí bébà wa ló ti mú wa dé Qumran, létí Òkun Òkú, níbi tí àwọn darandaran Bedouin ti bẹ̀rẹ̀ sí rí àwọn àkájọ ìwé nínú ihò àpáta ní nǹkan bí ọdún 1947. Ihò mọ́kànlá ni wọ́n ti rí wọn nígbẹ̀yìn, ìwé tó lé ní 900 ni àwọn onímọ̀ sì ti tò jọ láti inú àwọn àjákù náà. Kò sí ìwé kan nínú Bíbélì Hébérù tí kò ní ẹ̀dà níbẹ̀, bí ó tilẹ̀ jẹ́ àjákù bíńtín, àfi ìwé Ẹ́sítérì. Kí wọ́n tó rí wọn, odindi Bíbélì Hébérù tó dàgbà jù lọ tí àwọn olùtumọ̀ ń lò ni èyí tó wà ní St. Petersburg, tí wọ́n parí ní nǹkan bí ọdún 1008. Àkájọ ìwé Aísáyà tó jáde láti inú ihò kìíní, tó gùn ju mítà méje lọ, fi nǹkan bí ẹgbẹ̀rún ọdún dàgbà jù ú. Dókítà gbé àwòrán orí 40 sára ògiri, níbi tí "koríko ń rọ, ìtànná ń rẹ̀" ti wáyé lẹ́ẹ̀mejì, ó sì ní kí a wo ohun tó ṣẹlẹ̀. Ojú akọ̀wé àtijọ́ yẹn fò láti èkínní sí èkejì gẹ́gẹ́ bí ti Bàbá wa ṣe fò. Ẹlòmíràn ló wá fi lẹ́tà wẹ́wẹ́ kọ ohun tó sọnù sí àárín ìlà, nígbà tí àyè kò gbà á mọ́, ó dà á sọ̀kalẹ̀ sí etí ìwé. Èèyàn kò nílò láti gbọ́ Hébérù kí ó tó rí i. Gbogbo kíláàsì ló pariwo.

Ìwé Sámúẹ́lì kìíní orí 11 ni wọ́n tún fi ṣe àpẹẹrẹ. Nínú Bíbélì tí a ń kà, Náháṣì ará Ámónì kàn ṣàdédé yọ sí àwọn ará Jabẹṣi-Gílíádì, ó ní òun yóò yọ ojú ọ̀tún gbogbo wọn, a kò sì mọ ibi tí irú ìkà bẹ́ẹ̀ ti wá. Nínú àkájọ ìwé kan láti inú ihò kẹrin, ìpínrọ̀ kan wà ṣáájú rẹ̀ tó ṣàlàyé pé Náháṣì ti ń yọ ojú ọ̀tún àwọn ará Gádì àti Rúbẹ́nì tẹ́lẹ̀, àti pé ẹgbẹ̀rún méje ọkùnrin tó bọ́ lọ́wọ́ rẹ̀ ló sá wá sí Jabẹṣi. Josephus, òpìtàn Júù ti ọ̀rúndún kìíní, mọ irú ìtàn bẹ́ẹ̀. Àwọn Bíbélì Gẹ̀ẹ́sì kan ti dá ìpínrọ̀ náà padà sáàyè rẹ̀. Kò sí nínú ti Yorùbá tí a ń kà ní ṣọ́ọ̀ṣì.

Ohun tó wù mí níbẹ̀ ni pé Dókítà kò jẹ́ kí a rò pé àṣìṣe akọ̀wé ló wà nídìí gbogbo ìyàtọ̀. Ìwé Jeremáyà ti èdè Gíríìkì fi nǹkan bí ìdá kan nínú mẹ́jọ kúrú ju ti Hébérù tí a mọ̀ lọ, ọ̀pọ̀ èèyàn sì ti rò tẹ́lẹ̀ pé àwọn olùtumọ̀ ló gé e kúrú. Qumran fi hàn pé ẹ̀dà kúkúrú yẹn wà ní èdè Hébérù fúnra rẹ̀, pa pọ̀ mọ́ èyí tó gùn, nínú ihò àpáta kan náà. Ìyẹn ni pé àwọn tó ní àkójọ ìwé yẹn ń ka Jeremáyà méjì láìjẹ́ pé ọ̀kan lé èkejì jáde. Mo ti kọ́ àwọn ọmọ iléèwé girama ní Ìmọ̀ Bíbélì fún ọ̀pọ̀ ọdún, kò sì sí ibì kan nínú ìwé tí ìjọba fún wa tí wọ́n ti sọ èyí.

Ọ̀sẹ̀ tí wọ́n fi kọ́ wa nípa Codex Sinaiticus, ìwé àfọwọ́kọ Bíbélì àtijọ́ ní èdè Gíríìkì, ni owó mi ti padà sápò. Ojú ìwé kan ṣoṣo ni wọ́n tẹ̀ ní aláwọ̀ mèremère fún oníkálukú wa, ibi tí Ìhìnrere Máàkù ti parí tí ti Lúùkù sì bẹ̀rẹ̀. Awọ ẹran ni wọ́n kọ ọ́ sí ní ọ̀rúndún kẹrin. Òpó ọ̀rọ̀ mẹ́rin ló dúró lẹ́gbẹ̀ẹ́ ara wọn, lẹ́tà ńlá ni gbogbo lẹ́tà, kò sì sí àlàfo láàárín ọ̀rọ̀ kan sí òmíràn. Wọ́n kọ́ wa ní lẹ́tà Gíríìkì tó tó láti fi mọ orúkọ Máàkù, wọ́n sì ní kí a fi ìka tẹ̀ lé òpó náà títí tí ọ̀rọ̀ yóò fi dópin. Àwọn obìnrin sá kúrò ní ibojì, wọn kò sọ nǹkan kan fún ẹnikẹ́ni, nítorí ẹ̀rù bà wọ́n. Ibẹ̀ ni akọ̀wé ti fa ọnà sábẹ́ ọ̀rọ̀, ó kọ àkọlé ìwé náà, ó fi ìyókù òpó sílẹ̀ lófìfo, ó sì bẹ̀rẹ̀ Lúùkù lókè òpó tó tẹ̀ lé e. Ẹsẹ 8 nìyẹn. Ẹsẹ 9 sí 20, tó ní ọ̀rọ̀ gbígbé ejò lọ́wọ́ àti mímu ohun olóró nínú, kò sí níbẹ̀, kò sì sí nínú Codex Vaticanus tí òun náà jẹ́ ti ọ̀rúndún kẹrin. Bẹ́ẹ̀ sì ni wọ́n wà nínú èyí tó pọ̀ jù lọ nínú àwọn ẹ̀dà Gíríìkì tó tẹ̀ lé wọn, Irenaeus, ọ̀kan nínú àwọn aṣáájú ìjọ àtijọ́, sì ti fa ọ̀kan yọ nínú wọn ní ọ̀rúndún kejì, ṣáájú kí wọ́n tó kọ ìwé méjèèjì yìí. Wọn kò fi ẹ̀rí kan bo èkejì mọ́lẹ̀ fún wa.

Wọ́n sọ ìtàn bí ìwé náà ṣe rìnrìn àjò pẹ̀lú, mo sì gbádùn rẹ̀ bí ìtàn ọ̀daràn. Constantin Tischendorf ará Jámánì rí ewé rẹ̀ ní ilé àwọn mọ́ńkì ti St. Catherine nísàlẹ̀ òkè Sínáì ní 1844, ó kó 43 lọ sí Leipzig. Ó padà lọ, ní 1859 èyí tó pọ̀ jù bọ́ sí i lọ́wọ́, ó sì dé ọ̀dọ̀ ọba Rọ́ṣíà. Ní 1933 ìjọba Soviet tà á fún àwọn Gẹ̀ẹ́sì ní £100,000. Ìjà lórí bí ó ṣe kúrò lọ́wọ́ àwọn mọ́ńkì, bóyá wọ́n yá a ni tàbí wọ́n fi ta á lọ́rẹ, kò tíì tán títí dòní.

Ojú ìwé Máàkù yẹn ló mú kí Bàbá kan, tó jẹ́ àgbà nínú ìjọ aláṣọ funfun, na ọwọ́ sókè. Ó ní, "Dókítà, ẹ má bínú sí mi o. Ṣé kí n délé kí n fi báírò fagi lé ẹsẹ méjìlá yẹn ni? Àwọn ọmọ ìjọ wa ń fi wọ́n gbàdúrà." Dókítà kò fi ọ̀rọ̀ náà ṣe yẹ̀yẹ́. Ó ní, "Rárá o, Bàbá. Ẹ máa kà á lọ. Ẹ̀bẹ̀ tí mò ń bẹ̀ yín ni pé, bí ẹnì kan bá bi yín pé ṣé Máàkù fúnra rẹ̀ ló kọ ọ́, kí ẹ mọ ohun tó wà nílẹ̀ kí ẹ tó dá a lóhùn." Mo ti bá olùkọ́ pàdé rí tó máa ń fi irú àǹfààní bẹ́ẹ̀ halẹ̀ mọ́ onígbàgbọ́, mo sì ti bá èyí tó máa ń sá fún ìbéèrè náà pàdé. Obìnrin yìí kò ṣe èyíkéyìí nínú méjèèjì, máàkì tó pé ni n óò fún un lórí rẹ̀.

Lẹ́yìn ìyẹn ni wọ́n dé orí Mátíù, Máàkù àti Lúùkù. Wọ́n tẹ ìtàn ẹlẹ́gbà tí wọ́n gbà láti òrùlé sọ̀ kalẹ̀ sí òpó mẹ́ta lójú ìwé kan, wọ́n fún wa ní báírò pupa, búlúù àti aláwọ̀ ewé, wọ́n ní kí a fàlà sábẹ́ ohun tó wà nínú mẹ́tẹ̀ẹ̀ta, ohun tó wà nínú méjì, àti ohun tó dá wà. Nígbà tí a dé ibi tí Jésù ti sọ pé kí wọ́n lè mọ̀ pé Ọmọ ènìyàn ní agbára láti dárí ẹ̀ṣẹ̀ jini, a rí i pé àwọn mẹ́tẹ̀ẹ̀ta já ọ̀rọ̀ rẹ̀ kù sí ojú kan náà, tí wọ́n sì fi "ó wí fún ẹlẹ́gbà náà pé" há a láàárín. Bí ọmọ iléèwé mẹ́ta bá kọ irú nǹkan bẹ́ẹ̀ sínú ìwé ìdánwò, ẹni tó ń máàkì wọn yóò ti mọ̀ pé ẹnì kan wo ti ẹnì kan. Ohun tí àwọn onímọ̀ náà sọ nìyẹn. Ohun tó lé ní ìdá mẹ́sàn-án nínú mẹ́wàá ọ̀rọ̀ Máàkù ló wà nínú Mátíù ní ọ̀nà kan tàbí òmíràn, èyí tó pọ̀ nínú wọn sì gbà pé ìwé Máàkù ló ṣáájú. Àwọn ọ̀rọ̀ Jésù tí Mátíù àti Lúùkù jọ ní tí kò sí lọ́dọ̀ Máàkù ni wọ́n ní ó ti inú ìwé mìíràn wá, tí wọ́n ń pè ní Q, tí ẹnikẹ́ni kò sì tíì rí ẹ̀dà rẹ̀ kankan. Dókítà fi kún un pé àwọn kan wà tí wọ́n ní Lúùkù kàn ka Mátíù ni, pé kò sídìí fún Q rárá. Ó sì ní kí a padà sí òpó mẹ́ta wa kí a wò ó bóyá báírò wa lè dá ẹjọ́ náà. Kò lè dá a tán, àmọ́ a jà á dáadáa.

Ọ̀sẹ̀ kan wà fún ayédèrú. N kò retí nǹkan kan nínú rẹ̀, ó sì wá dùn ju bí mo ṣe rò lọ. Museum of the Bible, ilé ìṣẹ̀ǹbáyé tó wà ní Washington, ní àjákù mẹ́rìndínlógún lọ́wọ́ tí wọ́n sọ pé ó jẹ́ ti Àkájọ Ìwé Òkun Òkú, ìyẹn àwọn ìwé Qumran. Ní oṣù kẹta ọdún 2020, àwọn olùwádìí tí ilé náà fúnra rẹ̀ gbà síṣẹ́ jábọ̀ pé ayédèrú ni gbogbo wọn pátá. Awọ náà gbó lóòótọ́, ṣùgbọ́n tàdáwà rẹ̀ ti ṣàn wọ inú àwọn ibi tí awọ ti sán, èyí tó fi hàn pé awọ ti sán tán kí ẹnì kan tó kọ̀wé sí i. Bẹ́ẹ̀ náà ni ti àjákù èdè Kọ́pítíìkì tí wọ́n gbé jáde ní Róòmù ní 2012, tó ní kí Jésù máa sọ̀rọ̀ nípa ìyàwó òun: ohun tó tú àṣírí rẹ̀ ni pé ó da àṣìṣe kan kọ láti inú Ìhìnrere Tọ́másì tí ẹnì kan ti tẹ̀ sórí íntánẹ́ẹ̀tì. Gbogbo ìgbà tí èèyàn bá rí fídíò lórí WhatsApp pé wọ́n ti rí ọkọ̀ Nóà tàbí kẹ̀kẹ́ ẹṣin Fáráò lábẹ́ omi, ọ̀sẹ̀ yìí ni yóò wúlò fún un.

Ibi tí ó kù díẹ̀ káàtó ni mo dé yìí. Ọ̀dọ́kùnrin kan ni wọ́n gbé ìwé Mósè márùn-ún fún, ó mọ̀wé o, ṣùgbọ́n kíkà ló ń ka ohun tó wà lára ògiri fún wa. Ó sọ pé Jẹ́nẹ́sísì orí 1 àti orí 2 kò pe Ọlọ́run ní orúkọ kan náà. Pé nínú ìtàn ìkún omi, wọ́n ní kí Nóà mú méjì-méjì níbì kan, wọ́n sì ní kí ó mú ẹran tó mọ́ ní méje-méje níbòmíràn. Pé Jean Astruc, oníṣègùn ará Faransé, ti fi irú èyí pín ìwé náà sí ọ̀nà ọ̀tọ̀ọ̀tọ̀ ní 1753, kí Julius Wellhausen, onímọ̀ Bíbélì ará Jámánì, tó wá sọ ọ́ di orísun mẹ́rin ní 1878, ìyẹn ìwé mẹ́rin ọ̀tọ̀ọ̀tọ̀ tí wọ́n ní a pa pọ̀ di ìwé Mósè. Òótọ́ ni gbogbo rẹ̀. Ṣùgbọ́n ó kọ́ wa ní orísun mẹ́rin náà bí ẹni ń ka òfin ìjọba, kò sì sọ rárá pé láti nǹkan bí ọdún 1975 ni àwọn onímọ̀ fúnra wọn ti ń tú u palẹ̀, tí ọ̀pọ̀ ní ilẹ̀ Yúróòpù kò sì gbà á mọ́ bí Wellhausen ṣe fi lélẹ̀. Kò kọ orúkọ Ọlọ́run méjèèjì ní lẹ́tà Hébérù fún wa rí, bẹ́ẹ̀ orí orúkọ yẹn ni gbogbo àlàyé náà dúró lé. Kò tilẹ̀ ní kí a mú báírò jáde kí a ya ìtàn ìkún omi sọ́tọ̀ọ̀tọ̀ fúnra wa, nígbà tó jẹ́ pé kò sí ibi tí iṣẹ́ báírò ìbá ti dùn tó bẹ́ẹ̀.

Gbèsè tí mo ní wọ́n jẹ wá nìyí. Ní Ìbàdàn, níwájú àwọn akẹ́kọ̀ọ́ tí gbogbo wọn jẹ́ ọmọ Áfíríkà, wọn kò fi odindi wákàtí kan sọ ipa tí Áfíríkà kó nínú ọ̀rọ̀ yìí. Íjíbítì wà nínú ìwé ìléwọ́ nítorí pé iyanrìn rẹ̀ gbẹ, tí ìwé kì í tètè jẹrà níbẹ̀. Bẹ́ẹ̀ ni lóòótọ́: inú rẹ̀ ni àjákù Jòhánù orí 18 ti wá, tí kò ju àtẹ́lẹwọ́ lọ, tó wà ní Manchester báyìí, tí wọ́n sì tẹ̀ jáde ní 1935, níbẹ̀ ni Grenfell àti Hunt, onímọ̀ méjì ará Gẹ̀ẹ́sì, ti bẹ̀rẹ̀ sí hú ìwé jáde láti inú ààtàn ìlú àtijọ́ Oxyrhynchus ní 1896, níbẹ̀ ni wọ́n ti rí àwọn ìwé àtijọ́ ìlú Nag Hammadi ní 1945, tí Ìhìnrere Tọ́másì pẹ̀lú ọ̀rọ̀ 114 tí wọ́n ní Jésù sọ wà lára wọn. Ṣùgbọ́n kì í ṣe iyanrìn nìkan ló wà ní Áfíríkà. Àwọn Júù Alẹkisáńdíríà ló kọ́kọ́ túmọ̀ ìwé Mósè sí Gíríìkì ní ọ̀rúndún kẹta ṣáájú ìbí Kristi, ìtumọ̀ Gíríìkì tó ti ibẹ̀ gbèrú ni àwọn tó kọ Májẹ̀mú Tuntun sì ń fa ọ̀rọ̀ yọ nínú rẹ̀ jù lọ. Origen, ọmọ ìlú yẹn, ló to Hébérù àti àwọn ìtumọ̀ Gíríìkì sí òpó mẹ́fà kí ó lè fi wọ́n wé ara wọn, irú iṣẹ́ tí a fi báírò aláwọ̀ mẹ́ta ṣe ní Bódìjà. Athanasius, bíṣọ́ọ̀bù Alẹkisáńdíríà, ni lẹ́tà Àjíǹde rẹ̀ ti ọdún 367 jẹ́ àkọ́kọ́ tí a mọ̀ tó ka ìwé 27 ti Májẹ̀mú Tuntun gan-an bí a ṣe ní wọn, kò lé, kò dín.

Etiópíà ló dùn mí jù. Lẹ́tà Júúdà, ní ẹsẹ 14 àti 15, fa ọ̀rọ̀ yọ láti inú ìwé Énọ́kù. Ìwé náà sọnù mọ́ àwọn ará Yúróòpù lọ́wọ́ fún ọ̀pọ̀ ọ̀rúndún, ṣùgbọ́n ìjọ Etiópíà ń kà á ní èdè Ge'ez, ó sì wà lára ìwé 81 tí wọ́n kà sí Bíbélì. James Bruce, arìnrìn-àjò ará Scotland, ló kó ẹ̀dà rẹ̀ dé Yúróòpù ní 1773. Nígbà tí wọ́n rí àjákù Énọ́kù ní èdè Árámáíkì ní Qumran, ó wá hàn kedere pé ìwé Júù àtijọ́ gidi ni àwọn ará Etiópíà ń tọ́jú láti ọjọ́ yìí wá. Títí di òní, kò sí èdè mìíràn tí odindi rẹ̀ wà yàtọ̀ sí ti wọn. Irú ìtàn yìí kọ́ ló yẹ kí wọ́n fi ìlà kan ṣoṣo sọ nísàlẹ̀ ojú ìwé.

Ká tilẹ̀ fi Etiópíà sílẹ̀, àwa ńkọ́? Samuel Àjàyí Crowther tẹ Róòmù jáde ní Yorùbá ní 1850, odindi Bíbélì sì jáde ní 1884. David Hinderer tó jẹ́ míṣọ́nnárì àti Anna ìyàwó rẹ̀ tẹ̀dó sí Kúdẹtì, nílùú Ìbàdàn yìí, ní 1853; takisí Míkírà méjì péré ló máa gbé èèyàn dé ibẹ̀ láti Bódìjà. Kíláàsì tó kọ́ wa láti béèrè ẹ̀dà tó wà lẹ́yìn ìtumọ̀ kọ̀ọ̀kan kò béèrè rárá nípa ìtumọ̀ tó wà lórí itan gbogbo wa. Irú Gíríìkì wo ló wà lórí tábìlì Crowther àti àwọn tó bá a ṣiṣẹ́? Ibo ni wọ́n ti bá ìtumọ̀ Gẹ̀ẹ́sì lọ, ibo ni wọ́n sì ti yà kúrò lẹ́yìn rẹ̀? Mo bi Dókítà nígbà ìpápánu, ó ní òótọ́ ni mo sọ, pé ètò ẹ̀kọ́ náà láti òkè òkun ni àwọn kọ́kọ́ gbà á, pé àwọn ṣì ń tún un ṣe. Ìdáhùn olóòótọ́ ni, mo sì mọyì rẹ̀, ṣùgbọ́n Yunifásítì Ìbàdàn kò jìnnà síbẹ̀, ilé ẹ̀kọ́ Immanuel tí wọ́n ti ń kọ́ àwọn àlùfáà wà ní Sàmóńdà, àwọn tó lè kọ́ni ní èyí kò ṣọ̀wọ́n nílùú yìí.

Ọ̀rọ̀ ìyókù kò gba àlàyé púpọ̀. Yàrá náà mọ́ tónítóní, jẹnẹrétọ̀ ń gba iṣẹ́ láìpẹ́ tí iná bá lọ, búrẹ́dì àti àkàrà wọn gbóná. Ìwé ìléwọ́ kò dára: àwòrán inú rẹ̀ dúdú bí ẹ̀yìn ìkòkò, àfi ojú ìwé Máàkù nìkan, ibi tó sì yẹ kí lẹ́tà Gíríìkì wà, àwọn àpótí kéékèèké ni ẹ̀rọ tẹ̀ síbẹ̀. Fún owó tí wọ́n gbà, ó yẹ kí ẹnì kan ti yẹ̀ ẹ́ wò kí wọ́n tó gbé e fún ẹni tó ń ṣe fọ́tòkọ́pì.

Ẹnì kan lè bi mí pé kí ló dé tí òun yóò fi san ₦40,000, nígbà tí odindi Codex Sinaiticus ti wà lórí íntánẹ́ẹ̀tì lọ́fẹ̀ẹ́ láti 2009, tí àwòrán Aísáyà láti Qumran náà sì wà níbẹ̀ tó mọ́lẹ̀ kedere débi pé èèyàn lè ka ibi tí wọ́n ti fi òwú rán awọ kan mọ́ òmíràn. Ó tọ̀nà. Ẹni tó bá ní dátà àti sùúrù lè rí gbogbo àwòrán tí mo dárúkọ láìsan kọ́bọ̀. Ohun tí n kò rò pé ó lè rí lórí fóònù ni ẹni tí yóò sọ fún un ibi tó yẹ kí ó wò, àti àwọn mìíràn nínú yàrá tí wọ́n ka orin kan náà tí wọ́n sì sọ ẹsẹ mìíràn nù. Fún olùkọ́ Ìmọ̀ Bíbélì, fún pásítọ̀ tí ọ̀dọ́ inú ìjọ rẹ̀ ń gbé ìbéèrè wá láti orí YouTube, fún àwa tí a kàn fẹ́ràn ìwé, owó náà kò ṣòfò. Ẹni tó ń wá ìwé ẹ̀rí tàbí ẹni tó fẹ́ kọ́ èdè Hébérù, kó mú owó rẹ̀ lọ síbòmíràn.

Ẹni tó bá fẹ́ wọ kíláàsì tó ń bọ̀, kó béèrè kó tó sanwó bóyá Dókítà fúnra rẹ̀ ni yóò kọ́ ìwé Mósè lọ́tẹ̀ yìí, kó sì béèrè bóyá wọ́n ti tún ìwé ìléwọ́ tẹ̀. Kó mú Bíbélì Yorùbá tó jẹ́ ìwé gidi dání, nítorí wọn kì í gba ti orí fóònù fún iṣẹ́ dídàkọ, kó sì tètè dé kó lè jókòó sọ́wọ́ òsì, nítorí láti bí aago mẹ́wàá, oòrùn tó ń gba ojú fèrèsé ọ̀tún wọlé kì í jẹ́ kí àwọn tó wà lọ́hùn-ún rí ìlà Aísáyà lára ògiri.